Ẹrẹ̀ ló jẹ́ kí odò Thames pọ́n, kò tíì kú

Ẹ̀yin tí ẹ kọ ọ́ pé ìdọ̀tí ló jẹ́ kí odò Thames pọ́n rúsúrúsú ní Lọ́ńdọ̀nù, pé kò sí ohun abẹ̀mí nínú rẹ̀ mọ́, ẹ jọ̀ọ́, kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹ tẹ̀ lé e láti orísun. Nítòsí Kemble, abúlé kan ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, òkúta kan lábẹ́ igi ló ń tọ́ka sí i. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, koríko lásán lẹ máa bá níbẹ̀. Àmọ́ lẹ́ẹ̀mejì lójúmọ́ ni omi òkun ń kún wọ Lọ́ńdọ̀nù títí dé Teddington ní ìwọ̀-oòrùn ìlú náà, tó tún ń fà padà. Ìyẹn ló ń ru ẹrẹ̀ ìsàlẹ̀ odò sókè. Lóòótọ́, lọ́dún 1957 wọ́n kéde pé odò náà ti kú. Ṣùgbọ́n ẹja ti padà síbẹ̀, àwọn séèlì (ẹranko inú òkun tó ń jẹ ẹja) sì ń bímọ sí ẹnu odò.