Àtúnṣe: Dawn Staley Ti Di Akọ́nimọ̀ọ́gbá Kí Ó Tó Fi Bọ́ọ̀lù Gbígbá Sílẹ̀

Ọ̀rọ̀ kan ń tàn káàkiri pé ẹ̀yìn tí Dawn Staley, obìnrin agbábọ́ọ̀lù àjùsáwọ̀n ọmọ Amẹ́ríkà, fi bọ́ọ̀lù gbígbá sílẹ̀ ni ó tó di akọ́nimọ̀ọ́gbá. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá. Ọdún 2000 ni Yunifásítì Temple ní Philadelphia, ìlú tí wọ́n ti bí i, fi ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù àjùsáwọ̀n àwọn obìnrin rẹ̀ lé e lọ́wọ́, nígbà tí òun fúnra rẹ̀ ṣì ń gbá bọ́ọ̀lù fún Charlotte Sting, ẹgbẹ́ kan nínú WNBA, ìdíje àwọn obìnrin tó ń fi bọ́ọ̀lù àjùsáwọ̀n ṣiṣẹ́ jẹ ní Amẹ́ríkà, kò sì fẹ̀yìn tì nínú gbígbá a títí di ọdún 2006. Ohun tó mú kí ó ṣeé ṣe ni pé ìgbà ooru ni wọ́n ń gbá ìdíje WNBA, ìgbà òtútù sì ni ti yunifásítì. Lálẹ́ ọjọ́ tí ó gbé àsíà Amẹ́ríkà ṣíwájú àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ wọ pápá ìṣeré níbi ìdíje Òlíḿpíìkì ní Athens lọ́dún 2004, ó ti lo ọdún mẹ́rin nídìí iṣẹ́ náà ní Temple. Ní Athens yìí ló sì ti gba àmì-ẹ̀yẹ wúrà Òlíḿpíìkì ẹlẹ́ẹ̀kẹta. Ó dùn mí pé irọ́ yìí ń bo ọdún mẹ́fà tí ó fi ṣe iṣẹ́ méjì pọ̀ mọ́lẹ̀, nítorí pé ọdún wọ̀nyí ṣáájú Yunifásítì South Carolina, níbi tí ó dé lọ́dún 2008, tí ó sì ti gba ife NCAA (ìdíje àwọn yunifásítì Amẹ́ríkà) lọ́dún 2017, 2022 àti 2024.