Ta Ló Ń San Ìyókù Owó Oúnjẹ?

Bí a bá ra oúnjẹ, tí a sanwó, tí a gba ṣéńjì, a máa ń rò pé ó parí síbẹ̀. Kò parí. Ẹni tó fọ́n oògùn apakòkòrò sóko tí oúnjẹ náà ti wá lè má rí ìbòmú lò. Ẹ̀wù tó fi ṣiṣẹ́ ló wọ̀ délé, ọwọ́ lásán ni wọ́n sì fi fọ̀ ọ́. Bí ikọ́ bá dé, àpò ara rẹ̀ ni yóò ti san owó ilé ìwòsàn. Ajílẹ̀ tí òjò gbá wọ odò ńkọ́? Ìlú tó wà nísàlẹ̀ odò ni yóò wá owó tí wọn yóò fi fọ omi náà kó tó ṣeé mu. Kò sí ọ̀kan nínú owó wọ̀nyí nínú iye tí olùtajà pè.

Lọ́dún 2023, FAO, àjọ àgbáyé tó ń rí sí oúnjẹ àti iṣẹ́ àgbẹ̀, ṣírò owó abẹ́lẹ̀ yìí fún orílẹ̀-èdè 154. Ó lé ní tírílíọ̀nù 10 dọ́là fún ọdún 2020 nìkan. Èyí tó yà wá lẹ́nu ni pé kì í ṣe ilẹ̀ àti omi ló kó púpọ̀ rẹ̀. Ó lé ní ìdá 70 nínú ọgọ́rùn-ún tó jẹ́ ti oúnjẹ tí ṣúgà, iyọ̀ àti ọ̀rá kún inú rẹ̀: ìtọ̀ ṣúgà, àrùn ọkàn, àti iṣẹ́ tí aláìsàn kò lè ṣe mọ́.

Àwọn kan ní kí ìjọba kúkú gbé gbogbo owó náà lé oúnjẹ lórí, kí oníbàárà máa san án. A kò fara mọ́ ọn. Tálákà ni yóò kọ́kọ́ sùn lébi. Olówó ò tiẹ̀ ní fura. Owó tó ti wà nílẹ̀ ni kí wọ́n kọ́kọ́ tún pín. Nǹkan bíi bílíọ̀nù 540 dọ́là ni àwọn ìjọba fi ń ti iṣẹ́ àgbẹ̀ lẹ́yìn lọ́dọọdún, gẹ́gẹ́ bí ìwádìí tí FAO àti àjọ UN méjì mìíràn gbé jáde lọ́dún 2021. Ìdá 87 nínú ọgọ́rùn-ún rẹ̀ ló ń da iye ọjà rú tàbí tó ń pa ilẹ̀ àti ènìyàn lára. Owó orí wa la fi ń ra ọgbẹ́, àwa náà la tún ń ra oògùn rẹ̀.

Kí owó yẹn lọ sọ́dọ̀ àgbẹ̀ tó ń tọ́jú ilẹ̀. Kí ẹni tó ba odò jẹ́ san owó ìfọmi. Kí wọ́n kọ iye ṣúgà àti iyọ̀ gàdàgbà síwájú páálí (àwa náà ti wo ẹ̀yìn páálí títí tí ojú fi ń ro wá). Ní ti ìbòmú, kò yẹ kó tún di ohun tí a ń jókòó ìpàdé lé lórí: kí agbanisíṣẹ́ rà á kí wọ́n tó gbé oògùn apakòkòrò kọ́ ẹnikẹ́ni lẹ́yìn.