Òkúta Tó So Bẹ́líìtì

Ẹ kú oríire o, gbogbo ẹ̀yin olókùúta Àbújá. Láti Kubwa dé Lugbe, láti Gwarinpa dé Nyanya, ẹni tí kò bá ní èérún òkúta láti àwọn Òkè Alátùpà lónìí, irú wọn kò tíì dé ìlú. Mo sì gbà, torí iṣẹ́ kékeré kọ́ ni òkè yẹn ń ṣe. Owó kọ́ńtíráàtì tó há, òkè á tú u sílẹ̀. Físà tí wọ́n kọ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́ta, òkè á fọwọ́ sí i. Bílẹ̀ bá ṣú, òkúta rẹ̀ á máa tàn nínú yàrá, àfi bí àlejò bá wà nílé. Wọ́n ní ojú máa ń tì í.

Ibo ni òkè ọ̀hún wà? Ẹ̀yìn Jos ni. Ẹlòmíì ní irọ́ ni, Taraba ni. Bí ẹlẹ́ṣẹ̀ bá wakọ̀ lọ bá a, gbogbo òkè á dìde, wọ́n á máa sún sẹ́yìn títí epo á fi tán nínú mọ́tò rẹ̀. Fóònù kì í sì í rí wọn yà. Òkè tó gbọ́n báyìí ṣọ̀wọ́n: gbogbo yín lẹ ti rán èèyàn lọ síbẹ̀, kò sẹ́ni tó fẹsẹ̀ ara rẹ̀ dé ibẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká sọ ti bẹ́líìtì yẹn.

Inú súnkẹrẹ-fàkẹrẹ Nyanya ni mo wà lọ́jọ́ Sátidé kan, tí jíìpù dúdú kan dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ wa. Ọkọ ń wakọ̀, kò so bẹ́líìtì. Ìyàwó àti ọmọ mẹ́ta há mọ́ra wọn lẹ́yìn, ẹnì kankan kò so bẹ́líìtì. Ta ló jókòó síwájú? Òkúta. Kò tó ẹ̀ṣẹ́ ọmọ ọdún méjì. Ó gúnwà sórí tìmùtìmù àrán pupa, bẹ́líìtì gba àyà rẹ̀ kọjá, bí ó bá jẹ́ pé òkúta ní àyà. Wọ́n sọ gíláàsì ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kalẹ̀ kó lè gbatẹ́gùn. Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ náà wúkọ́, ìyá fọwọ́ bò ó lẹ́nu: “Ṣẹ́ẹ̀! Ó ń sùn.” Mọ́tò sún díẹ̀, bẹ́líìtì yọ̀ kúrò lára rẹ̀, nítorí pé bẹ́líìtì kò mọ ibi tí òun máa dì mú lára òkúta. Ọkùnrin yìí tẹ bíréèkì lójú títì, ó tún un so, ó tún tìmùtìmù ṣe, ó wá ní, “Ẹ má bínú, sà.”

Sà o! Òkúta ń jẹ́ sà! Èmi tí mo ti lé lọ́gọ́ta ọdún, ọmọ tí mo lè bí wò mí láti òkè dé ilẹ̀ ní ilé ìfowópamọ́ láìpẹ́ yìí, ó ní kí “ọ̀gá yẹn” lọ tò sẹ́yìn. Ká ní mo mọ̀ ni, ǹ bá ti di òkúta.

Wọ́n ṣàlàyé fún mi pé òkúta náà kò gbọdọ̀ fara kan ilẹ̀, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, oore á fò lọ. Ó yé mi. Ọmọ lè fò já gíláàsì bọ́ sílẹ̀ bí mọ́tò bá forí gbárí, ìyẹn kò ba oore jẹ́.

Ìyẹn ni mo ń gbé mì lọ́wọ́ tí mo fi lọ síbi ìsọmọlórúkọ kan ní Lugbe. Mo fẹ́ jókòó, ọ̀dọ́bìnrin kan sáré dé: “Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, àyè yẹn ti ní ẹni tó ni ín.” Mo wò ó, òkúta ni. Ó wọ aṣọ ẹbí. Wọ́n rán fìlà fún un, wọ́n sì gẹ̀ ẹ́ sápá òsì. Wọ́n gbé abọ́ oúnjẹ fún un. Orí ìdúró lèmi ti jẹ móínmóín mi.

Ìyá mi ní ọlọ ní Abẹ́òkúta. Ilẹ̀ ló ń gbé, adìẹ ń gun un, a ó fọ̀ ọ́, a ó lọ ata, ọbẹ̀ á sì dùn. Olúmọ fúnra rẹ̀ gba Ṣódẹkẹ́ àtàwọn Ẹ̀gbá tí ogun lé kúrò nílé mọ́ra ní nǹkan bí ọdún 1830. Ihò rẹ̀ bò wọ́n. Kò bèèrè tìmùtìmù.

Ẹ má sì rò pé ẹ̀yin lẹ kọ́kọ́ gba irọ́ òkè gbọ́. Ní 1798, òyìnbó kan, James Rennell, ya àwọn òkè Kong sórí máàpù, ó nà wọ́n gbọọrọ la Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà já. Kò sí irú òkè bẹ́ẹ̀. Àwọn ayamáàpù ń wò ó kọ, wọ́n ń wò ó kọ, títí ará Faransé kan, Binger, fi rin agbègbè náà láàárín 1887 sí 1889 tí kò bá ju gegele lọ. Rennell tiẹ̀ fi orúkọ ara rẹ̀ sábẹ́ irọ́ tirẹ̀. Ẹni tó ń ta òkúta fún yín ńkọ́? Nọ́ńbà àkáǹtì nìkan lẹ mọ̀!

Zuma nìyẹn ní Madalla, òkè tí ojú ń rí. Ó wà lẹ́yìn ₦100, Awólọ́wọ̀ wà níwájú. Láti 1999 lẹ ti ń gbé òkè yẹn kiri nínú àpò, èwo nínú yín ló sọ di olówó? Mo gba òkúta ọmọ àbúrò mi, mo gbé e han awakọ̀ típà kan ní Dei-Dei. Ó yí i wò lẹ́ẹ̀kan, ó ní, “Bàbá, ti Mpape ni. Ṣé ẹ ń fẹ́ ìdajì típà ni àbí ẹ̀kún?” Mpape tí wọ́n ti ń fọ́ òkúta ilé yín! Mpape tí ilẹ̀ mì ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2018, tí àwọn ará ibẹ̀ sá jáde tàwọn ti ọmọ, tí òkúta kankan kò ta pútú!

Ọmọ àbúrò mi yìí jẹ gbèsè owó ilé-ìwé ọmọ méjì. Ìyàwó rẹ̀ ń dá ra gáàsì. Alápá-má-ṣiṣẹ́! Owó wà fún àrán, kò sí fún bàtà ọmọ. Ẹ kò tijú? Ẹ̀ ń sọ “sà” fún ohun tí wọ́n fi ń po kankéré, ẹ sì ń bú ìyá yín lórí fóònù pé ó ń yọ yín lẹ́nu.

Ó dáa. Ìpàdé ẹgbẹ́ ọmọ ìbílẹ̀ wa ń bọ̀ ní Sunday àkọ́kọ́ oṣù. Ẹni tó bá gbé òkúta wá, tó sì fi gba àga, á san owó ìpàdé èèyàn méjì, òkúta náà á sì san owó ìtanràn bó bá pẹ́ dé. Mo ti bá akápò sọ ọ́.