Zdeněk Svěrák kọ́ ló darí Kolja

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń pín in kiri pé Zdeněk Svěrák, òṣèré ará Czech, ló darí fíìmù Kolja, tí wọ́n sì gba Oscar òṣèrékùnrin tó dára jù, ẹ jọ̀ọ́, kò rí bẹ́ẹ̀. Jan, ọmọ bíbí inú wọn, ló darí ẹ̀. Fíìmù náà ló gba Oscar lọ́dún 1997, láàárín àwọn fíìmù èdè òkèèrè.

Bàbá ló kọ ọ́, àwọn náà ló ṣe Louka: àpọ́n tó ń ta sẹ́lò, ohun èlò orin olókùn ńlá kan, níbi ìsìnkú, tó ń kun lẹ́tà ara òkúta ibojì kó lè rówó, títí ọmọ kékeré kan tí kò gbọ́ èdè ẹ̀ fi já sí i lọ́wọ́. Ṣé ìyẹn ò tó iyì ni? Tíṣà sì ni wọ́n tẹ́lẹ̀ o, kí wọ́n tó bọ́ sí rédíò.