Ta ló sọ pé òyìnbó ló ni báńjò?

Bí báńjò, ohun èlò orin olókùn tó jọ gìtá, bá ti dún nínú fíìmù Amẹ́ríkà, òyìnbó àgbẹ̀ ló ń wá sọ́kàn ọ̀pọ̀ wa. A gbà pé tiwọn ni, pé ìlù nìkan ni Áfíríkà fi sínú orin ilẹ̀ náà. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá, ó sì ń dùn mí, nítorí iyì àwọn ẹrú là ń gbé fún ẹlòmíràn.

Ní àwọn ọdún 1780, Thomas Jefferson, tó di ààrẹ Amẹ́ríkà lẹ́yìn náà, tóun náà lẹ́rú rẹpẹtẹ, kọ ọ́ sínú ìwé pé ohun èlò orin àwọn ẹrú ni báńjò, pé Áfíríkà ni wọ́n ti gbé e wá. Ṣáájú rẹ̀, Hans Sloane, dókítà tó dé Jàmáíkà ní 1687, ti rí irú rẹ̀ lọ́wọ́ àwọn ẹrú ibẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká fi ti ìwé sílẹ̀, ká wo ohun èlò náà fúnra rẹ̀. Àwọn Jola ní Gáńbíà àti Sẹ̀nẹ̀gà ní ọ̀kan tí wọ́n ń pè ní akonting: akèrègbè tí wọ́n fi awọ bò lójú, ọ̀pá gígùn, okùn mẹ́ta. Okùn kan kúrú ju ìyókù lọ. Àtàǹpàkò ló ń ta á, ohùn kan náà ló sì ń mú jáde ṣáá, tí èékánná ìka kejì yóò máa gbá okùn gígùn wálẹ̀. Bí àwọn àgbà olórin orí òkè North Carolina ṣe ń ta báńjò gan-an nìyẹn. Gìtá Yúróòpù kò ní irú okùn kúkúrú bẹ́ẹ̀.

Ìlù ńkọ́? Lẹ́yìn ọ̀tẹ̀ ẹrú ní Stono, South Carolina, ní 1739, òfin 1740 ka ìlù àti fèrè léèwọ̀ fún ẹrú níbẹ̀. Bàtá wa rí àyè gbé ní Kúbà. Ní Amẹ́ríkà, ohun èlò olókùn ló rọ́nà.

Joel Sweeney, òyìnbó Virginia, kọ́ báńjò lọ́dọ̀ àwọn aláwọ̀ dúdú. Òun àti ẹgbẹ́ rẹ̀ ń kun ojú dúdú, wọ́n ń fi ẹrú ṣe yẹ̀yẹ́ lórí ìtàgé, ó sì gbé báńjò dé Ìlú Ọba ní àwọn ọdún 1840. Ẹ̀sín yẹn wà lára ohun tó lé ọ̀pọ̀ aláwọ̀ dúdú kúrò nídìí báńjò. Nígbà tí iléeṣẹ́ rẹ́kọ́ọ̀dù wá dé ní àwọn ọdún 1920, wọ́n ya blues sọ́tọ̀ fún aláwọ̀ dúdú, wọ́n ya orin ìgbèríko (country) sọ́tọ̀ fún òyìnbó, báńjò sì bá tòyìnbó lọ.

Ní 2024, àwọn kan ní Beyoncé ti ya wọ oko olóko pẹ̀lú orin ìgbèríko rẹ̀, "Texas Hold 'Em". Rhiannon Giddens, obìnrin aláwọ̀ dúdú ọmọ North Carolina, ló ta báńjò inú orin náà.