Ojú Òòyì Dé Búkà Màmá Oníyán

MÀMÁ ONÍYÁN, tó ń ta iyán l'Ádó-Èkìtì, tí kì í fẹ́ gbọ́ àwìn
TÍṢÀ, tó ti fẹ̀yìn tì nídìí ìṣirò, tí kò tíì fẹ̀yìn tì nídìí àríyànjiyàn
ÀKÀNDÉ ỌLỌ́KADÀ, tí gbèsè ẹ̀ pọ̀ ju epo inú táǹkì ẹ̀ lọ
KÁYỌ̀DÉ, ọmọ yunifásítì, tó ń dá ayé tuntun sílẹ̀ fún eré tí wọ́n ń fi dáìsì ta

(Ọ̀sán. Màmá ń bẹ iṣu ìrọ̀lẹ́. Àkàndé ń jẹ iyán. Káyọ̀dé ti tẹ́ ìwé sórí tábìlì, dáìsì lúdò méjì lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀.)

KÁYỌ̀DÉ: Ilẹ̀ Afàgbò lorúkọ ayé tí mo dá. Àárín gbùngbùn ẹ̀ ni Ojú Òòyì wà. Béèyàn bá ti débẹ̀, gbogbo nǹkan á dàrú.

MÀMÁ: Gbogbo nǹkan bíi kí ni?

KÁYỌ̀DÉ: Gbogbo nǹkan ṣáá, Màmá. Kò sí ohun tí kò lè ṣẹlẹ̀.

TÍṢÀ: Òdo! Bí kò bá sí ohun tí kò lè ṣẹlẹ̀, kí ni ẹni tó ń ta eré fẹ́ múra fún? Ṣé o ti dé Ìkógosì? Omi gbígbóná ń bọ̀ lọ́tọ̀, tútù ń bọ̀ lọ́tọ̀, ojú kòrókòró ni wọ́n fi pàdé. O lè ti ẹsẹ̀ kan bọ gbígbóná, kí o ti èkejì bọ tútù. Ìyanu tó ní ààlà nìyẹn. Tìẹ dà?

KÁYỌ̀DÉ: Ó ní ààlà, sà. Òrùka mẹ́ta ni. (Ó ń kà á.) Èyí tó wà níta, 200 ẹsẹ̀ bàtà láti àárín: níbẹ̀, ìró máa ń ṣáájú ohun tó fà á. Èkejì, 60: ohun tó bá bọ́ lọ́wọ́ ẹ kì í bọ́ sílẹ̀, ibi tí ojú ẹ bá wà ló ń bọ́ sí. Ẹ̀kẹta, 10 péré: ohunkóhun tí ọwọ́ èèyàn ṣe á máa tú padà, èyí tí wọ́n ṣe kẹ́yìn ló máa kọ́kọ́ tú.

ÀKÀNDÉ: Dúró ná. Màá gbọ́ "gbàù" kí n tó ṣubú?

KÁYỌ̀DÉ: Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta ṣáájú.

ÀKÀNDÉ: Ọ̀nà Ìkẹ́rẹ́ dẹ̀rọ̀ nìyẹn! Bí mo bá ti gbọ́ ọ báyìí, mo fò kúrò lórí ọ̀kadà.

KÁYỌ̀DÉ: Ìró tí ẹ gbọ́ yẹn, ìró fífò yín ni.

(Àkàndé dá òkèlè dúró lágbede méjì. Káyọ̀dé ṣe é re níbí yìí: bí èèyàn bá lè fi ìró yẹn sá fún ewu, òrùka kìíní ti di ìkìlọ̀ ọ̀fẹ́, ẹ̀rù ò ní ba ẹnikẹ́ni mọ́.)

MÀMÁ: Ẹ fi ìró sílẹ̀. Bí mo bá gúnyán sínú òrùka kẹta ńkọ́?

KÁYỌ̀DÉ: Á tú padà.

MÀMÁ: Dé ibo? Ṣé ẹ̀ẹ̀kan náà ni iyán ń di iyán ni? Mo bẹ iṣu, mo gé e, mo bomi sí i kó bò ó, mo sè é títí ọ̀bẹ fi ń wọlé wẹ́rẹ́. Bó ṣe ń gbóná lọ́wọ́ ni mo dà á sódó, mo kọ́kọ́ rún un wómúwómú kó má baà ta jáde, kí n tó wá gbọ́mọ odó sókè. Omi tí mo fi sè é ni mo ń bù sí i, díẹ̀díẹ̀. Ẹ dà á lẹ́ẹ̀kan, ó di ẹ̀kọ. Ẹ jẹ́ kó tutù kẹ́ ẹ tó gún un, kókó inú ẹ̀ ò ní fọ́ láéláé. Ẹ fi iṣu tuntun gún un, omi inú ẹ̀ ti pọ̀ jù, á kàn máa rọ̀ jọ̀bọ̀tọ̀ bí ẹni tí ibà ń ṣe. Nínú gbogbo ìyẹn, ibo ni Òòyì máa tú u dé?

TÍṢÀ: Ẹ ò rí i? Wọ́n ní gbogbo ilé l'Ékìtì ló ní ọ̀jọ̀gbọ́n, ti búkà yìí ń bẹṣu lọ́wọ́.

KÁYỌ̀DÉ: (Ó ń kọ ọ́ kíákíá.) Ó dáa. Ìṣísẹ̀ kan, ìṣẹ́jú kan. Ìṣẹ́jú kìíní, iyán á di kókó. Ìkejì, kókó á di iṣu sísè. Ìkẹta, sísè á di tútù. Ìkẹrin, èèpo á lẹ̀ padà. Ó parí.

MÀMÁ: Ta ló wa iṣu? Ẹyẹ?

KÁYỌ̀DÉ: ...Ìkarùn-ún, iṣu á padà sínú ebè.

ÀKÀNDÉ: Èyí tí mo ti jẹ ńkọ́?

(Gbogbo wọn yíjú wo ikùn Àkàndé.)

KÁYỌ̀DÉ: Ibi tó bá wà náà ni yóò ti tú.

ÀKÀNDÉ: Odidi iṣu! Tòun tèèpo!

KÁYỌ̀DÉ: Láàárín ìṣẹ́jú mẹ́rin. Ìdí nìyẹn tó fi yẹ kéèyàn wọ ibẹ̀ lófìfo ikùn.

MÀMÁ: Owó tó san fún mi ńkọ́?

KÁYỌ̀DÉ: Ọwọ́ èèyàn ló san án, á padà sápò ẹ̀ ni.

MÀMÁ: (Ó gbé ọ̀bẹ sílẹ̀.) Pa ayé yẹn rẹ́.

TÍṢÀ: Ẹ ní sùúrù, Màmá. Káyọ̀dé, wá ohun kan tí Òòyì ò lágbára lé lórí.

KÁYỌ̀DÉ: Ìrántí. Ohun tí èèyàn bá ti mọ̀, kò lè tú u.

MÀMÁ: Ẹ̀ẹ́hẹ̀n! Gbèsè wà nílẹ̀ nìyẹn. Máa bá ayé ẹ lọ.

TÍṢÀ: Báwo ni wọ́n ṣe ń wọlé?

KÁYỌ̀DÉ: Dáìsì méjì. Òrùka kìíní, 4 sókè. Èkejì, 7 sókè. Ẹ̀kẹta, 10 sókè. Ẹni tó bá kùnà lẹ́ẹ̀kan, ó jáde.

TÍṢÀ: (Ó ti gba bírò.) Ọ̀nà 36 ni dáìsì méjì lè gbà balẹ̀. 33 nínú ẹ̀ ni 4 sókè, 21 ni 7 sókè, 6 péré ni 10 sókè. Sọ wọ́n di púpọ̀... Nínú 100 èèyàn tó bá gbéra, bíi 9 ló máa dé àárín. Àwọn 91 tó kù á jókòó, wọ́n á máa tẹ fóònù. Ẹ̀bi ta ni?

KÁYỌ̀DÉ: Kí n dín 10 kù?

TÍṢÀ: Lọ́fẹ̀ẹ́? Rárá. Fún wọn nírinṣẹ́, àmọ́ kí irinṣẹ́ náà ná wọn ní nǹkan.

MÀMÁ: Ọmọ odó. Ẹni tó bá gbé e dání, òòyì kankan ò lè gbé e fò.

KÁYỌ̀DÉ: Kó fi 2 kún ohun tó bá jù ní òrùka kẹta.

TÍṢÀ: Á di 8 sókè, 15 nínú 36. Bíi 22 nínú 100 á débẹ̀. Ó mọ́gbọ́n dání.

ÀKÀNDÉ: Kí ló ná wọn níbẹ̀?

MÀMÁ: Ọmọ odó, ṣé ọwọ́ kọ́ ló gbẹ́ ẹ ni?

KÁYỌ̀DÉ: Yéè! Bí ìṣẹ́jú kan bá ti pé, odidi igi ló kù lọ́wọ́ ẹ̀!

TÍṢÀ: Tòun ti ewé. Kọ ọ́ sílẹ̀.

(Àkàndé nu ọwọ́, ó dìde, ó ń wo ẹnu ọ̀nà.)

ÀKÀNDÉ: Màmá, ẹ kú iṣẹ́ o. Àwo mẹ́ta ọ̀sẹ̀ tó kọjá, ó dà bíi pé Òòyì ti kó gbogbo ẹ̀ padà sébè.

MÀMÁ: Mo rántí ẹ̀. Àwo mẹ́rin ni, ponmọ́ wà nínú méjì.

ÀKÀNDÉ: Ẹ jẹ́ ká fi dáìsì parí ẹ̀, Màmá mi.

MÀMÁ: Kò burú. Bó o bá ju 13, o ò jẹ mí ní kọ́bọ̀.

TÍṢÀ: Àkàndé, dáìsì méjì...

MÀMÁ: Tíṣà, ṣé kí n bu ọbẹ̀ kún tiyín?

TÍṢÀ: (Ó panu dé, ó na àwo síwájú.)

ÀKÀNDÉ: (Ó gbọn dáìsì, ó fẹ́ atẹ́gùn sí i, ó jù ú.) Mẹ́fà... mẹ́fà! 12! Ẹ̀yin èèyàn, ẹ wò ó, ẹyọ kan ló kù! Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n tún un jù!