Ẹ má da róòlù nù o

Mo ka ìròyìn kan. Ẹni tó kọ ọ́ ní tí wọ́n bá ti da fíìmù àtijọ́ sórí kọ̀ǹpútà tán, ẹrù lásán ni róòlù rẹ̀, ìyẹn fíìmù gan-an tí wọ́n ká jọ. Ká má rí i! Bàbá mi gbé fíìmù kiri ìlú nígbà kan. Nígbà tá a ṣí agolo tó fi sábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, òórùn fínígà, àmì pé fíìmù ti ń bàjẹ́, ló kọ́kọ́ gbá wa nímú, fíìmù ti ká kò, àmọ́ àwòrán ṣì wà lára rẹ̀. Háàdì díìsìkì tí fídíò ìgbéyàwó ẹ̀gbọ́n mi wà ńkọ́? Kò ṣí mọ́.

Ẹnì kan tún sọ lábẹ́ ìròyìn náà pé kò sí fíìmù àtijọ́ kankan tó kù ní Nàìjíríà. Kò rí bẹ́ẹ̀ o: Shaihu Umar, fíìmù Hausa tí Adamu Halilu darí, tí wọ́n ṣe ní 1976, Jọ́ọ̀sì ni wọ́n ti rí i ní 2016 kí wọ́n tó tún un ṣe ní Berlin, ní Jámánì. Amúlétutù ibi tí wọ́n ń tọ́jú fíìmù sí àti dísẹ́ẹ̀lì tí jẹnẹrétọ̀ máa lò ni kí ìjọba náwó lé, ooru ló ń pa fíìmù.